"Ara Mi Ni, Mo Fọwọ́ Sí I": Ibi Tí Òfin Dúró Sí Lórí Gígé Ara fún Ọ̀ṣọ́

Ní ìlú Wolverhampton, nílẹ̀ England, ọkùnrin kan wà tó ń jẹ́ Brendan McCarthy. Dr Evil ni àwọn oníbàárà mọ̀ ọ́n sí, orúkọ yẹn náà ló sì fi sọ ṣọ́ọ̀bù rẹ̀. Iṣẹ́ táátù àti lílu ara ló torí rẹ̀ forúkọ sílẹ̀ lọ́dọ̀ káńsù, ṣùgbọ́n iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ kọjá bẹ́ẹ̀. Ó gé etí oníbàárà kan kúrò, ó gé orí ọmú ẹlòmíì, ó sì la ahọ́n obìnrin kan sí méjì bí ahọ́n ejò. Kò fipá mú ẹnikẹ́ni nínú wọn. Ẹsẹ̀ ara wọn ni wọ́n fi rìn wá, wọ́n sanwó, wọ́n tọwọ́ bọ̀wé. Síbẹ̀, ní oṣù kẹta ọdún 2019, adájọ́ ní kó lọ ṣẹ̀wọ̀n ọdún 3 àti oṣù 4.

Ọ̀rọ̀ náà ya ọ̀pọ̀ èèyàn lẹ́nu. Ẹgbẹẹgbẹ̀rún ló buwọ́ lùwé pé kí wọ́n fi ọkùnrin náà sílẹ̀. Ẹni tó ni etí ló lóun ò fẹ́ ẹ mọ́, kí ló wá kan ọlọ́pàá níbẹ̀?

Ìbéèrè yẹn lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Òun gan-an ni àwọn agbẹjọ́rò McCarthy gbé lọ síwájú Ilé-Ẹjọ́ Kò-Tẹ́-Mi-Lọ́rùn ní 2018, kí ìgbẹ́jọ́ rẹ̀ tó bẹ̀rẹ̀ rárá. Ìdáhùn tí wọ́n rí gbà níbẹ̀ ni ọ̀pọ̀ èèyàn ò mọ̀, àti àwọn tó ń ṣe iṣẹ́ náà, àti àwọn tó ń wá a kiri. Ó sì kan àwa Yorùbá ju bí ẹ ṣe rò lọ.

Ìgbà wo ni "mo gbà" kì í tó?

Nínú òfin England, bí ẹnì kan bá fọwọ́ kàn ọ́ pẹ̀lú ìfẹ́ inú rẹ, kò sí ẹjọ́ níbẹ̀. Bí ìfọwọ́kàn náà bá wá di ọgbẹ́, bó bá dá àpá tàbí tó ba ẹ̀yà ara jẹ́, òfin á ní ìfẹ́ inú rẹ nìkan ò tó mọ́. Ó gbọ́dọ̀ ní ìdí pàtàkì kan tí ìlú fi lè fara mọ́ irú ìpalára bẹ́ẹ̀. Òfin tí wọ́n ń lò fún un ti pẹ́ gan-an, ọdún 1861 ni wọ́n ṣe é. Abala 18 rẹ̀, tó dá lórí mímọ̀ọ́mọ̀ ṣe èèyàn léṣe gidi, lè gbé èèyàn dé ẹ̀wọ̀n gbére. Abala yìí ni McCarthy padà gbà pé òun rú, lẹ́ẹ̀mẹta.

Ẹjọ́ tó fi ìdí ìlànà náà múlẹ̀ wáyé ní 1993, níwájú House of Lords, tó jẹ́ ilé-ẹjọ́ tó ga jù nígbà náà. Àwọn ọkùnrin àgbàlagbà kan ni, tí wọ́n máa ń ṣe ara wọn léṣe ní kọ̀rọ̀ yàrá torí ìgbádùn ìbálòpọ̀. Kò sẹ́ni tó fẹjọ́ sùn nínú wọn. Adájọ́ mẹ́ta ní wọ́n jẹ̀bi, méjì ní wọn ò jẹ̀bi. Ohùn kan péré ló wà láàárín, ìlànà tó sì jáde níbẹ̀ la ṣì wà lábẹ́ rẹ̀ dòní: bí ìpalára bá ti kọjá àyè kan, ìfọwọ́sí ẹni tó fara gbà á kò lè gba ẹni tó ṣe é sílẹ̀, àfi tí ohun tí wọ́n ṣe bá wà lára àwọn nǹkan tí òfin ti yọ sọ́tọ̀.

Kí ló wà lára wọn? Iṣẹ́ abẹ tí dókítà ń ṣe. Ìjà ẹ̀ṣẹ́ àti àwọn eré ìdárayá tó le. Kíkọ ilà abẹ́ fún ọmọkùnrin. Etí lílu. Táátù.

Bí ẹ bá wo àkójọ yìí dáadáa, ẹ ó rí i pé kì í ṣe bí ewu ṣe pọ̀ tó ni wọ́n fi ṣà á. Ìjà ẹ̀ṣẹ́, níbi tí wọ́n ti ń lu ara wọn lórí títí ọpọlọ fi lè dàrú, wà nínú ohun tí òfin gbà. Etí gígé, tí kò ní nǹkan kan ṣe pẹ̀lú ọpọlọ, kò sí níbẹ̀. Lójú tèmi, ohun tójú ará ìlú ti mọ́ lára ni òfin gbà láàyè, ohun tó bá ṣàjèjì ni ó ń bi léèrè ìdí. Mi ò sọ pé ó dára bẹ́ẹ̀. Mo kàn ń sọ bó ṣe rí ni, kí ẹnikẹ́ni má baà lọ máa fi ìjà ẹ̀ṣẹ́ ṣe àwíjàre níwájú adájọ́.

Ẹjọ́ kan wà tó fẹ́rẹ̀ẹ́ ran McCarthy lọ́wọ́. Ní 1996, ọkọ kan fi ọ̀bẹ gbígbóná kọ lẹ́tà orúkọ ara rẹ̀ sí ìdí ìyàwó rẹ̀. Ìyàwó fúnra rẹ̀ ló ní kó ṣe é. Dókítà tó rí àpá náà ló jẹ́ kí ọlọ́pàá gbọ́, ni wọ́n bá gbé ọkọ lọ sí kóòtù. Ilé-Ẹjọ́ Kò-Tẹ́-Mi-Lọ́rùn dá a sílẹ̀. Wọ́n ní ohun tó ṣe ò yàtọ̀ sí táátù, ohun tí tọkọtaya bá sì fẹnu kò lé lórí nínú ilé wọn kì í ṣe ohun tí ìjọba yóò máa tọ pinpin. Àwọn agbẹjọ́rò McCarthy rọ̀ mọ́ ẹjọ́ yìí gan-an. Bí iná bá jẹ́ táátù, kí ló dé tí ahọ́n lílà kò ní jẹ́ lílu ara?

Àwọn adájọ́ ní rárá. Wọ́n ní ẹjọ́ tọkọtaya yẹn dúró lórí ohun tó ṣẹlẹ̀ nínú rẹ̀ nìkan. Etí gígé, orí ọmú gígé àti ahọ́n lílà kì í ṣe ọ̀ṣọ́ ojú awọ. Iṣẹ́ abẹ ni, iṣẹ́ abẹ tí kò nídìí ìwòsàn, lọ́wọ́ ẹni tí kò kọ́ ọ. Dókítà tó bá ṣe irú rẹ̀ yóò kọ́kọ́ yẹ ẹni náà wò, yóò bi í léèrè ìdí, yóò rí i dájú pé ọkàn rẹ̀ balẹ̀ àti pé kì í ṣe àìsàn ọpọlọ ló ń tì í. Ta ló ń ṣe gbogbo ìyẹn ní ṣọ́ọ̀bù táátù? Wọ́n tún ní bí wọ́n bá fẹ́ fi nǹkan tuntun kún àkójọ tí òfin yọ sọ́tọ̀, kì í ṣe iṣẹ́ kóòtù láti máa fi ẹjọ́ kọ̀ọ̀kan ṣe é. Lẹ́yìn ìyẹn kò sí ibi tí McCarthy fẹ́ sá sí mọ́. Ní oṣù kejì 2019 ó gbà pé òun jẹ̀bi.

Ìtumọ̀ èyí ni pé ní England àti Wales lónìí, ẹni tó bá la ahọ́n fún èèyàn ní ṣọ́ọ̀bù, ẹ̀wọ̀n ló ń wá kiri, bí oníbàárà tilẹ̀ tọwọ́ bọ ogún ìwé. Ẹ̀wọ̀n náà sì lè gùn. Ní 2024, kóòtù Old Bailey ju ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Marius Gustavson sẹ́wọ̀n gbére, ó sì gbọ́dọ̀ lo ọdún 22 ó kéré tán kí wọ́n tó lè ronú àtidá a sílẹ̀. Ohun tó ṣe ni pé ó ń gé ẹ̀yà ara fún àwọn tó gbà kó gé e, ó sì ń ta fídíò rẹ̀ lórí íntánẹ́ẹ̀tì.

Ọ̀rọ̀ ìwé tí wọ́n máa ń gbé kọ́ sára ògiri náà tún ń da èèyàn láàmú. Oníbàárà á wọlé, á rí ìwé káńsù tí wọ́n fi gíláàsì bò, ọkàn rẹ̀ á balẹ̀. Ìmọ́tótó ni káńsù ń wò kí wọ́n tó fúnni nírú ìwé bẹ́ẹ̀: ṣé abẹ́rẹ́ mọ́, ṣé omi wà, ṣé ibi iṣẹ́ ṣeé fọ̀. Iṣẹ́ tí wọ́n kọ sí i nìkan ló sì bò, ìyẹn táátù, lílu ara àti bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ. McCarthy ní irú ìwé náà. Bẹ́ẹ̀ sì ni ìwé ìfọwọ́sí tí wọ́n ń fún oníbàárà kò lè sọ ohun tí òfin kọ̀ di ohun tí òfin gbà. Ohun tí ìwé náà ń jẹ́rìí sí kò ju pé onítọ̀hún mọ ohun tó fẹ́ ṣe kó tó ṣe é, èyí tó jẹ́ pé ọlọ́pàá gan-an ló máa wúlò fún.

Ní Amẹ́ríkà, ìpínlẹ̀ sí ìpínlẹ̀ ni. Illinois ṣòfin ní 2003 pé dókítà àti dókítà eyín nìkan ló lè la ahọ́n. Oklahoma fòfin de fífún íǹkì sí funfun ojú láti yí àwọ̀ rẹ̀ padà ní 2009, Indiana tẹ̀ lé e ní 2018, owó ìtanràn tiwọn sì lè tó 10,000 dọ́là. Ìpínlẹ̀ Ontario ní Kánádà ti fòfin de tiwọn ní 2017. Ohun tó bá jẹ́ èèwọ̀ ní ìpínlẹ̀ kan lè máà ní òfin kankan lórí ní ìkejì, torí náà kí ẹni tó wà ní Houston má fi ohun tí ọ̀rẹ́ rẹ̀ ní Chicago sọ ṣe òdiwọ̀n.

Ìyá kan ní London, 1974

Ní ogójì ọdún ó lé kí wọ́n tó gbẹ́jọ́ Wolverhampton yìí, ọmọ Yorùbá kan ti dúró síwájú adájọ́ ní London lórí ọ̀rọ̀ tó jọ ọ́. Ìyá ọlọ́mọ ni. Ó fi bíléèdì kọ ilà sí ẹ̀rẹ̀kẹ́ àwọn ọmọkùnrin rẹ̀ méjì, ọ̀kan ọmọ ọdún 14, èkejì ọmọ ọdún 9. Ilà náà kò jìn. Àwọn ọmọ kò bá a jà, àwọn náà fẹ́ ẹ. Ohun tí wọ́n ń ṣe nílé ni obìnrin yìí ṣe.

Ẹjọ́ náà dé Old Bailey. Adájọ́ gbà pé inú rere ni ìyá náà fi ṣe é, àti pé kò mọ̀ pé òfin ibẹ̀ kọ̀ ọ́. Wọ́n dá a lẹ́bi, ṣùgbọ́n wọn ò fìyà kankan jẹ ẹ́, wọ́n ní kó máa lọ sílé. Adájọ́ wá kìlọ̀ pé ẹni tó bá tún ṣe irú rẹ̀ lẹ́yìn èyí kò ní lè sọ pé òun ò mọ̀.

Ẹ wo bó ṣe rí. Ní Ọ̀yọ́ tàbí ní Ìbàdàn láyé ìgbà kan, ọmọ tí kò nílà ni wọ́n máa ń bi léèrè ilé tó ti wá. Pélé, àbàjà, gọ̀ǹbọ́, gbogbo wọn ló ń sọ ìdílé àti ìlú. Iṣẹ́ àjogúnbá niṣẹ́ oníkọlà, ó ní ìdílé tó ń ṣe é. Oníkọlà á jókòó sórí àpótí, ẹnì kan á di orí ọmọ mú, abẹ á rìn, wọ́n á da omi ìgbín sójú ọgbẹ́ kó lè tù ú, wọ́n á sì fi ẹ̀dú sí ti ẹni tí wọ́n bá fín kí àwọ̀ rẹ̀ lè dúdú. Àwọn baba wa máa ń sọ pé oró ni ilà ń dá ni, bó bá jinná tán ó di oge.

Ìdí nìyí tí kò fi yẹ kí àwa máa fi ojú wèrè wo àwọn oníbàárà Wolverhampton. Ẹni tí bàbá rẹ̀ gbé àbàjà olówó mẹ́fà mẹ́fà sẹ́rẹ̀kẹ́ ò lè sọ pé òun ò mọ ìdí tí èèyàn fi ń fi abẹ kan ara. Àmọ́ mi ò tún gbà fún ẹni tó ní torí pé àwọn baba wa ṣe é, kò léwu. Ó léwu. Tẹ́tánọ́ọ̀sì pa àwọn ọmọdé. Abẹ kan náà ń ti ara ọmọ kan bọ́ sára ọmọ kejì. Síbẹ̀, oníkọlà mọ ìwọ̀n tí abẹ rẹ̀ ń wọlé dé. Níbi ilà ojú, awọ nìkan ló ń gé. Kò gé ohun tí ara ń lò ṣiṣẹ́, kò sì la ibi tí iṣan ẹ̀jẹ̀ ńlá wà.

Nílé ńkọ́?

Nàìjíríà ní òfin lórí èyí tó jẹ́ ti ọmọdé, ọ̀pọ̀ èèyàn ò sì mọ̀ ọ́n. Òfin Ẹ̀tọ́ Ọmọdé ti 2003, abala 24, sọ pé ẹnikẹ́ni kò gbọ́dọ̀ fín táátù tàbí kọ ilà sí ara ọmọdé. Ọmọdé lójú òfin náà ni ẹni tí kò tíì pé ọdún 18. Òfin ọ̀hún ṣàlàyé pé ilà ìdílé wà níbẹ̀, àti gbogbo gígé ara nítorí ìbílẹ̀ tàbí ètùtù tó bá ń fi àpá tí kì í lọ sílẹ̀. Bí a bá fi ojú yẹn wò ó, gbẹ́rẹ́ tí wọ́n ń sín fún ọmọ pàápàá wọ̀ ọ́. Ìjìyà rẹ̀ ni owó ìtanràn tí kò ju ₦5,000 lọ, tàbí ẹ̀wọ̀n oṣù kan, tàbí méjèèjì pa pọ̀, iye tí kò lè dẹ́rù ba ẹnikẹ́ni lónìí. Gbogbo ìpínlẹ̀ ìwọ̀-oòrùn gúúsù ló ti sọ òfin ẹ̀tọ́ ọmọdé di tiwọn.

Abẹ́ dídá fún obìnrin tún le jù bẹ́ẹ̀ lọ. Òfin ìjọba àpapọ̀ ti 2015 tó lòdì sí ìwà ipá sí ènìyàn fi ẹ̀wọ̀n tó lè tó ọdún 4 sí i, tàbí ₦200,000. Ní England, òfin ti 2003 gbé e dé ọdún 14. Kò sí ọ̀rọ̀ "òun ló fẹ́ ẹ" níbẹ̀ rárá, bó ṣe ọmọdé, bó ṣe àgbà. Ẹni tó bá sì ń gbé ní England, tó wá mú ọmọ rẹ̀ obìnrin wálé lákòókò ìsinmi kí wọ́n lè dá a lábẹ́, òfin England ń dúró dè é ní pápákọ̀ òfuurufú.

Ti àgbàlagbà ni kò hàn gbangba. Kò sí òfin ìjọba àpapọ̀ kan tó dá dúró lórí iṣẹ́ táátù tàbí gígé ara ṣe ọ̀ṣọ́. Ohun tó wà ni ìwé òfin ìwà ọ̀daràn tí a ń lò ní gúúsù, tí Èkó sì ní tirẹ̀ lọ́tọ̀. Abala 335 nínú ti gúúsù fi ẹ̀wọ̀n ọdún 7 sí ẹni tó bá ṣe ẹlòmíì léṣe gidi lọ́nà tí kò bófin mu, bíba ìrísí èèyàn jẹ́ títí láé sì wà nínú ohun tí òfin náà ń pè ní ìpalára gidi. Kò sí ibi tí abala yẹn ti sọ pé bí onítọ̀hún bá ti gbà, ó parí. Abala 297 ló dáàbò bo ẹni tó ń ṣe iṣẹ́ abẹ, ṣùgbọ́n ó ní àwọn ohun tó ń béèrè: kó jẹ́ fún àǹfààní ẹni tí wọ́n ń ṣe é fún, kí ọwọ́ ẹni tó ń ṣe é mọ iṣẹ́, kó ṣe é pẹ̀lú ìṣọ́ra, kó sì bọ́gbọ́n mu. Ọmọkùnrin tó kọ́ lílà ahọ́n lórí YouTube, mélòó ló máa rí mú nínú mẹ́rẹ̀ẹ̀rin? Bí oníbàárà bá wá kú, abala 299 sọ ọ́ kedere pé bí ẹnì kan tilẹ̀ gbà kí wọ́n pa òun, ìyẹn kò mú ẹ̀bi kúrò lọ́rùn ẹni tó pa á.

Ohun tó ń ṣẹlẹ̀ nínú ẹran ara

Ẹ jẹ́ ká wo ahọ́n dáadáa. Iṣan ẹ̀jẹ̀ ńlá kan gba apá ọ̀tún rẹ̀ kọjá, ọ̀kan gba apá òsì. Àárín gbùngbùn rẹ̀ ni ẹ̀jẹ̀ kò pọ̀ sí tó bẹ́ẹ̀, ibẹ̀ ni àwọn tó ń la ahọ́n ń gbára lé. Bí abẹ bá yà díẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ẹ̀jẹ̀ á bẹ̀rẹ̀ sí í tú jáde nínú ẹnu, níbi tí ó ṣòro láti di ọgbẹ́ mú, tí ẹ̀jẹ̀ náà sì lè gba ọ̀nà ọ̀fun lọ. Ahọ́n tí wọ́n gé tún máa ń wú, bó bá sì wú jù, ó lè dí ọ̀nà èémí. Àwọn onímọ̀ iṣẹ́ abẹ eyín ní Royal College of Surgeons ní London kìlọ̀ lórí èyí ní 2018: ẹ̀jẹ̀ dídà, kòkòrò àrùn, iṣan ìmọ̀lára tó bàjẹ́, ìṣòro èémí àti gbígbé nǹkan mì. Ọ̀pọ̀ àwọn tó ṣe é ló padà kọ́ bí wọ́n ṣe ń sọ̀rọ̀, ṣùgbọ́n ìró s àti ṣ lè máà mọ́ lẹ́nu wọn mọ́.

Ìrora ńkọ́? Abẹ́rẹ́ tó ń pa ìrora kú jẹ́ oògùn tó gbọ́dọ̀ ti ọwọ́ dókítà wá ní England. Oníṣọ́ọ̀bù tó bá gún un fún ọ tún ti rú òfin mìíràn. Èyí tí kò bá gún un, ojú rẹ á là kedere nígbà tí abẹ ń wọlé, ahọ́n rẹ á sì máa fà sẹ́yìn fúnra rẹ̀.

Etí ò jọ ahọ́n, ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ rọrùn láti dá dúró. Àmọ́ kì í ṣe ọ̀ṣọ́ lásán ni Ọlọ́run fi síbẹ̀. Òun ló ń kó ohùn jọ sínú ihò etí, òun ló ń jẹ́ kéèyàn mọ̀ bóyá iwájú ni mọ́tò ti ń bọ̀ tàbí ẹ̀yìn. Bẹ́ẹ̀ ni ẹni tí kò ní i kò ní ibi tí yóò gbé awò ojú kọ́.

Ti ojú ló bà mí lẹ́rù jù nínú gbogbo wọn. Abẹ́rẹ́ ni wọ́n fi ń fún íǹkì sáàárín awọ tẹ́ẹ́rẹ́ tó bo ojú àti funfun ojú fúnra rẹ̀. Funfun ojú yìí kò nípọn tó mìlímítà kan. Ọwọ́ tó bá gbọ̀n díẹ̀, íǹkì ti wọ inú ẹyinjú. Látibẹ̀, ìfúnpá inú ojú lè ga, awọ ẹ̀yìn ojú tó ń gba ìmọ́lẹ̀ lè ṣí kúrò níbi tó lẹ̀ mọ́, kòkòrò àrùn sì lè ba ojú jẹ́ láàárín ọjọ́ díẹ̀. Kò sí bí dókítà ṣe lè fa íǹkì náà jáde padà. Táátù apá, iná lésà lè pa á rẹ́ díẹ̀díẹ̀. Ti ojú, títí ayé ni.

Ohun kan tún wà tí àwọn àwòrán aláràbarà orí íntánẹ́ẹ̀tì kì í fi hàn, torí ara òyìnbó ni ọ̀pọ̀ nínú wọn wà. Awọ àwa aláwọ̀ dúdú tètè máa ń hu àpá tó wú kọjá ojú ọgbẹ́, èyí tí àwọn dókítà ń pè ní kílọ́ìdì. Etí, àyà, èjìká àti páárì ẹ̀rẹ̀kẹ́ ló fẹ́ràn jù. Ẹni tó bá ní kí wọ́n gé àwòrán òdòdó sí àyà òun lè rí i lẹ́yìn oṣù mélòó kan pé ohun tó wà níbẹ̀ ti di ẹran líle tó ń yún, tó ń ro, tí kò jọ òdòdó kankan. Gígé e kúrò nìkan kì í sábà ṣiṣẹ́, ó máa ń padà wú, nígbà míì ju ti àkọ́kọ́ lọ. Bí ẹnikẹ́ni nínú ẹbí yín bá ti ní i rí, bóyá níbi tí wọ́n ti lu etí, ìkìlọ̀ ńlá nìyẹn.

Àwọn tó ń ki rọ́bà sílíkónì sábẹ́ awọ, kó lè hàn bí ìwo lórí tàbí bí ìràwọ̀ lẹ́yìn ọwọ́, kòkòrò àrùn ni ìṣòro tiwọn. Kòkòrò tó bá lẹ̀ mọ́ rọ́bà yẹn, oògùn kì í tètè ràn án. Yíyọ rọ́bà náà kúrò ló sábà máa ń parí rẹ̀. Ẹni tó bá sì ń dúró de ìgbà tí oògùn máa ràn án, kòkòrò lè bá ẹ̀jẹ̀ lọ káàkiri ara.

Ní Èkó, kì í ṣe ahọ́n ni wọ́n ń là, ìdí ni wọ́n ń fẹ̀. Iṣẹ́ dókítà ni èyí, òfin sì gbà á lọ́wọ́ dókítà, ṣùgbọ́n ẹ má rò pé torí náà ó rọrùn. Wọ́n á fa ọ̀rá láti inú ikùn, wọ́n á fún un sí ìdí. Bí ọ̀pá tí wọ́n fi ń fún un bá jìn wọ inú ẹran ìdí, tó já iṣan ẹ̀jẹ̀ ńlá tó wà níbẹ̀, ọ̀rá á bá ẹ̀jẹ̀ lọ sí ọkàn, á gba ibẹ̀ dé ẹ̀dọ̀fóró, á sì dí i. Èèyàn lè kú lórí bẹ́ẹ̀dì kí wọ́n tó mọ ohun tó ṣẹlẹ̀. Ìgbìmọ̀ àwọn oníṣẹ́ abẹ ẹwà tó yẹ ọ̀rọ̀ yìí wò fojú bù ú ní 2018 pé ikú lè tó ẹnì kan nínú 3,000, iye tó ga ju ti iṣẹ́ abẹ ẹwà èyíkéyìí mìíràn lọ nígbà náà. Ẹni tó bá fẹ́ ṣe é l'Èkó lè béèrè nọ́ńbà ilé ìwòsàn náà lọ́dọ̀ HEFAMAA, àjọ tó ń forúkọ ilé ìwòsàn sílẹ̀ nípìínlẹ̀ náà, kó sì béèrè orúkọ dókítà lọ́dọ̀ MDCN, ìgbìmọ̀ tó ń forúkọ àwọn dókítà sílẹ̀ ní Nàìjíríà. Instagram kì í ṣe ibi tí wọ́n ti ń mọ ẹni tó jẹ́ dókítà.

Bó bá ti ṣẹlẹ̀ ńkọ́?

Àwọn tí nǹkan bá ṣe máa ń fara pamọ́ sílé. Wọ́n ń bẹ̀rù pé dókítà á bú wọn tàbí pé ọlọ́pàá á mú wọn. Nínú ẹjọ́ Wolverhampton, kò sẹ́ni tó gbé ìkankan nínú àwọn oníbàárà mẹ́tẹ̀ẹ̀ta lọ sí kóòtù. Ẹni tó gé wọn ni ìjọba wá. Èyí tó jẹ́ dandan fún dókítà, nọ́ọ̀sì àti tíṣà ní England láti fi tó ọlọ́pàá létí, láti 2015, ni ti ọmọbìnrin tí kò tíì pé ọdún 18 tí wọ́n dá lábẹ́.

Bí ahọ́n bá ń wú tí ọ̀rọ̀ ò já gaara mọ́, bí itọ́ bá ṣòro láti gbé mì, bí ẹ̀jẹ̀ bá kọ̀ tí kò dá, kò sí dídúró de òwúrọ̀: 999 ni ní England, 112 ní Nàìjíríà. Bákan náà ni bí ojú bá ń ro, tí kò fẹ́ rí ìmọ́lẹ̀, tàbí tó ń ríran bàìbàì lẹ́yìn íǹkì. Bí ẹ bá dé ọ̀dọ̀ dókítà, ẹ sọ ọjọ́ tí wọ́n ṣe é, irinṣẹ́ tí wọ́n lò, oògùn tàbí abẹ́rẹ́ tí wọ́n fún yín àti ìgbà tí ẹ gba abẹ́rẹ́ tẹ́tánọ́ọ̀sì kẹ́yìn. Bó bá ṣeé ṣe, ẹ ní kí oníṣọ́ọ̀bù fi ike íǹkì náà ránṣẹ́, tàbí kí ó ya fọ́tò ohun tí wọ́n kọ sí i lára. Kí ẹ tún ní kí wọ́n yẹ ẹ̀jẹ̀ yín wò fún HIV àti àrùn mẹ́dọ̀wú. Bí kò bá tíì pé wákàtí 72, oògùn wà tó lè dènà HIV, àmọ́ bó bá ṣe yá tó ló ṣe máa ń ṣiṣẹ́ tó.